Páálí Ìwé Ìyá Morádèyọ̀

Kọ́lékọ́lé kan wà ní Ìkìrun tí iṣẹ́ rẹ̀ dá gbogbo ènìyàn lójú. Ilé tí ó bá fọwọ́ sí kì í sán. Bí òjò bá wó ògiri ẹnìkan, àwọn ará àdúgbò á ní, "Kí ló dé tí ẹ ò pe bàbá tó kàwé ní Ukraine?" Nítorí ibẹ̀ ni ó ti kọ́ iṣẹ́ nígbà èwe rẹ̀, ọdún mẹ́fà gbáko nínú òtútù. Nígbà tí ó ń bọ̀ wálé, ó kó páálí ìwé méjì bọ̀, ó sì mú ìyàwó bọ̀.

Páálí kan jẹ́ tirẹ̀. Ìwé ilé kíkọ́ ni ó kún inú rẹ̀: ìwé ìpìlẹ̀, ìwé òpó, ìwé òrùlé, ìwé bí a ṣe ń kọ́lé sórí ilẹ̀ olómi. Páálí kejì jẹ́ ti ìyàwó. Ìwé ìtàn àwọn ọmọdé wà níbẹ̀, èyí tí wọ́n ya ehoro àti ìkookò sí. Ìwé orin wà níbẹ̀, àti ìwé tó sọ bí àwọn ará abúlé wọn ti ń gbé, bí wọ́n ti ń gbéyàwó, bí wọ́n ti ń sìnkú. Nísàlẹ̀ pátápátá ni ìwé ìtàn ìlú wọn wà, ó nípọn bíi búlọ́ọ̀kù.

Odárka ni orúkọ obìnrin náà, ṣùgbọ́n Ìyá Morádèyọ̀ ni gbogbo àdúgbò ń pè é lẹ́yìn tí ó bímọ. Ó ń kọ́ àwọn ọmọ ní Gẹ̀ẹ́sì ní ilé ẹ̀kọ́ girama. Ó gbọ́ Yorùbá débi pé kò sí ẹni tó lè fọ̀rọ̀ pamọ́ fún un lọ́jà.

Ọkọ rẹ̀ kò gbọ́ èdè Ukraine tirẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Nígbà tí wọ́n pàdé, Gẹ̀ẹ́sì ni obìnrin náà ń kà ní yunifásítì, ó sì fẹ́ rí ẹni tí yóò bá òun sọ ọ́. Gẹ̀ẹ́sì náà ni wọ́n fi fẹ́ra. Èdè inú ìwé iṣẹ́ nìkan ni ọkùnrin náà dì mú. Nígbà tí wọ́n délé, ó kan pákó mọ́ ògiri pálọ̀, ó to ìwé ilé kíkọ́ sí i. Páálí ti ìyàwó rẹ̀, ó gbé e sí yàrá tí wọ́n ń kó àpò símẹ́ǹtì sí.

Obìnrin náà ní, "Àwọn ìwé tèmi ńkọ́?"

Ó ní, "Tọ́wọ́ mi bá dilẹ̀, màá kan pákó tìrẹ."

Ọwọ́ rẹ̀ kò dilẹ̀. Nígbà tí wọ́n bí Morádèyọ̀, obìnrin náà lọ mú ìwé ehoro jáde nínú páálí, ó ń fi èdè rẹ̀ kà á sí ọmọ létí. Ọkùnrin náà ti ibi iṣẹ́ dé, ó rẹ̀ ẹ́, ó bá a lẹ́nu rẹ̀. Kò jágbe. Ó kàn ní, "Kí ni ọmọ yìí fẹ́ fi èyí ṣe ní Ìkìrun? Jẹ́ kó mọ Yorùbá, kó mọ Gẹ̀ẹ́sì. Ó tó." Obìnrin náà dá ìwé padà sínú páálí. Kò jà. Láti ọjọ́ náà, fún ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n, ẹnikẹ́ni kò gbọ́ èdè ìyá rẹ̀ nínú ilé náà. Pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni ilé ọ̀hún, ojú fèrèsé rẹ̀ gbòòrò, afẹ́fẹ́ ń gba inú rẹ̀ kọjá dáadáa.

Ọdún tí ọkùnrin náà pé ọgọ́ta ni àrùn rọpárọsẹ̀ kọlu ìyàwó rẹ̀. Apá ọ̀tún àti ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ kú, ẹnu rẹ̀ sì wọ́. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni kò fi sọ ohunkóhun. Nígbà tí ohùn rẹ̀ padà, kì í ṣe Yorùbá ni ó sọ, kì í ṣe Gẹ̀ẹ́sì. Bí ènìyàn bá sì bá a sọ Yorùbá, á máa wo onítọ̀hún bí ẹni tó ń gbọ́ ariwo ọjà láti òkèèrè.

Dókítà ní, "Ó máa ń rí bẹ́ẹ̀ nígbà mìíràn. Èdè tí wọ́n fi tọ́ wọn ló ṣẹ́ kù. Ẹ máa fi bá wọn sọ̀rọ̀. Ẹ̀yin ṣáà gbé ọ̀hún rí."

Ọkùnrin náà gbé ìyàwó rẹ̀ wálé, ó jókòó ti bẹ́ẹ̀dì, ó ń wá ọ̀rọ̀ nínú orí ara rẹ̀. Ó rí ìpìlẹ̀. Ó rí òpó. Ó rí yanrìn, irin, òrùlé. Ó rí omi, ó rí búrẹ́dì, ó rí ẹ kú àárọ̀. Ó fi èdè náà kí i, ó ní ẹ kú àárọ̀. Ojú obìnrin náà là. Ó bẹ̀rẹ̀ sí sọ̀rọ̀, ó ń sọ ọ́ lọ láìdúró, omi sì ń bọ́ lójú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré ni ọkọ rẹ̀ gbọ́ níbẹ̀.

Ọyẹ́ dé lọ́dún náà, ó sì mú. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, obìnrin náà bẹ̀rẹ̀ sí tún ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo sọ: "Kovdra." Ó ń fi ọwọ́ òsì rẹ̀ tó ṣì ń ṣiṣẹ́ tọ́ka sí ìsàlẹ̀ ẹsẹ̀ rẹ̀. Ọkùnrin náà bu omi wá. Obìnrin náà mi orí. Ó mú búrẹ́dì wá. Ó mi orí. Ó rò pé ẹsẹ̀ ń ro ó, ó fi òrí pa á. Ó rò pé ooru ni, ó ṣí fèrèsé. Obìnrin náà wo fèrèsé, ó wo ọkọ rẹ̀, ó ní, "Kovdra." Ó di ọjọ́ kejì. Ó di ọjọ́ kẹta.

Obìnrin kan máa ń wá láti ìjọ wọn ní àràárọ̀ láti bá a wẹ̀ ẹ́. Ó ní, "Bàbá, ẹ ò gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ ni?"

"Mò ń gbọ́ díẹ̀."

"Ọjọ́ kẹta rèé, sà. Ọ̀rọ̀ kan náà ni."

Ó pe ọmọ rẹ̀ ní Kánádà. Ó ní, "Kí ni kovdra?"

Morádèyọ̀ ní, "Dádì, mi ò mọ̀ ọ́n. Ẹ ò jẹ́ kí n kọ́ ọ."

Ní ìgbà náà, fóònù tó ń túmọ̀ èdè kò tíì dé ọwọ́ wa. Ọkùnrin náà lọ sí pálọ̀, ó kó ìwé ilé kíkọ́ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó fi ìka tọ ọ̀rọ̀ inú wọn láti àárọ̀ títí di ọ̀sán. Kò rí i. Ó rántí páálí kejì. Ó lọ sí yàrá símẹ́ǹtì, ó fa páálí náà jáde lábẹ́ bàtà àtijọ́ àti ike ọ̀dà. Ikán ti jẹ ìdí rẹ̀. Ó jókòó sórí àpò símẹ́ǹtì, ó ṣí ìwé àwọn ọmọdé. Ní ojú ewé kẹjọ tàbí ìkẹsàn-án, ehoro kan sùn, wọ́n ti fi kúbùsù bò ó dé àgbọ̀n. Wọ́n kọ orúkọ gbogbo nǹkan sábẹ́ àwòrán náà kí ọmọdé lè mọ̀ wọ́n. Bẹ́ẹ̀dì. Ìrọ̀rí. Kovdra.

Òtútù ni ó ti ń mú ìyàwó rẹ̀ láti ọjọ́ mẹ́ta, òun sì ṣí fèrèsé sí i.

Ó dìde. Ó lọ ti fèrèsé, ó mú kúbùsù méjì jáde nínú àpótí, ó bò ó dé àgbọ̀n. Obìnrin náà di ojú, ó sùn títí ilẹ̀ fi ṣú.

Lọ́jọ́ kejì, ọkùnrin náà gbé páálí náà wá sínú yàrá ìyàwó rẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ wá bá a, wọ́n ní, "Bàbá, dẹ́kìn òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí a fẹ́ dà lọ́jọ́ Ẹtì ńkọ́?" Ó ní kí wọ́n lọ wá ẹlòmíràn. Ó fi jígí sójú, ó bẹ̀rẹ̀ láti orí ehoro. Ó ń ka ìtàn ewúrẹ́ àti kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ sókè bí ọmọ jẹ́léósinmi, bàbá ọlọ́gọ́ta ọdún. Bí ó bá ṣi ọ̀rọ̀ pè, obìnrin náà á tún un pè fún un. Nígbà mìíràn ó máa ń fi ìdajì ẹnu rẹ̀ tó kù rẹ́rìn-ín.

Kò dùn bí ẹni pé wọ́n ń ṣọdún. Ó rẹ ọkùnrin náà. Ó ń gbé e, ó ń yí i, ó ń fọ aṣọ, ó ń fi ṣíbí fún un lóúnjẹ, lẹ́yìn náà ó tún ń kàwé. Ọjọ́ mìíràn, oorun á gbé e lọ, ìwé á bò ó lójú, obìnrin náà á sì máa wò ó.

Nígbà tí ìwé ọmọdé tán, wọ́n bọ́ sórí ìwé ìgbé-ayé abúlé, wọ́n sì dé orí ìwé ìtàn ìlú wọn. Ikán ti jẹ ìdá kan nínú rẹ̀. Nínú èyí tó kù, ó ka nípa ọdún tí ìjọba kó ọkà lọ mọ́ àwọn ará abúlé lọ́wọ́, tí ebi pa odindi ìdílé kú, tí kò ṣẹ́ ku ẹni tí yóò ti ilẹ̀kùn. Ó bi ìyàwó rẹ̀ bóyá abúlé wọn wà nínú rẹ̀. Obìnrin náà ní ìyá ìyá òun nìkan ló ṣẹ́ kù nínú ọmọ méje. Ìgbà náà ni ọkùnrin náà mọ ìdí tí ìyàwó rẹ̀ fi máa ń ṣa èérún búrẹ́dì lórí tábìlì sí ọwọ́, tí ó sì ń jẹ ẹ́. Ó ti fi ṣe yẹ̀yẹ́ rí lójú àlejò. Ó pa ìwé dé, kò kà mọ́ lọ́jọ́ náà.

Ní ọ̀sán kan, obìnrin náà rọra sọ̀rọ̀, ó ń sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀ bí a ti ń bá ọmọdé sọ̀rọ̀. Ó ní, "Níbo lo wà láti ọjọ́ yìí?"

Ọkùnrin náà gbọ́ ọ̀rọ̀ náà látòkèdélẹ̀. Ó wá èsì. Ọ̀rọ̀ tó ní lẹ́nu kò pọ̀. Ó ní, "Mò ń kọ́lé."

Obìnrin náà wo òkè àjà, ó wo ògiri tí kò sán níbì kankan. Ó ní, "Mo mọ̀." Ó yí ojú sí ògiri. Kì í ṣe ìbínú. Ó rẹ òun náà.

Wọ́n tún kàwé lọ́jọ́ kejì. Obìnrin náà kú ní ìparí òjò ọdún tó tẹ̀ lé e. Ìwé mẹ́ta ni wọn kò tíì fọwọ́ kàn nínú páálí náà.

Àbúrò mi, láti àárọ̀ ni o ti jókòó síbí, tí o ń sọ ohun tí o ti ṣe fún ìyàwó rẹ fún mi. O gbẹ́ kànga fún un. O kan géètì. O ní òrùlé ilé tí ò ń kọ́ fún un ló kù, pé bí òrùlé bá ti bọ́ sókè, inú rẹ̀ á yọ́, á sì tún bẹ̀rẹ̀ sí bá ọ sọ̀rọ̀. N kò bá ọ jiyàn lórí iṣẹ́ tí o ṣe. Ṣùgbọ́n mo bi ọ́ lẹ́ẹ̀mejì ohun tó ń dun obìnrin náà, o sì ní o kò mọ̀. Fi pákó òrùlé sílẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ yìí. Lọ jókòó tì í, kí o bi í, bí ó bá sì dákẹ́, dúró dè é. Dìde, máa lọ, nígbà tí ẹ̀yin méjèèjì ṣì jọ ń gbọ́ èdè kan náà.