Ògbufọ̀ àti Akọ̀wé Inú Kọ̀ǹpútà

"Ògbufọ̀ la fi ń wá ọ̀nà, akọ̀wé la fi ń sáré." Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo gbọ́ òwe yìí, ẹ̀rín ló pa mí. Akọ̀wé wo ló mọ eré sá? Ẹ jẹ́ kí n sọ ibi tó ti ṣẹ̀ wá.

Nígbà tí kọ̀ǹpútà kan ṣoṣo ṣì ń gba odidi yàrá, àwọn méjì ló ń fi í ṣírò omi ní dáàmù Arómisá: Àǹtí Fẹ̀hìntọ́lá àti àbúrò rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́, Láṣebìkan. Kọ̀ǹpútà kò gbọ́ èdè ènìyàn. Òǹkà lásán ló gbọ́. Àwọn ọlọ́gbọ́n ayé, mo júbà wọn, wá ṣe atúmọ̀ méjì fún un. Ọ̀kan á túmọ̀ ìlà kan nínú iṣẹ́ tí a kọ fún un, kọ̀ǹpútà á ṣe é, kó tó kan ìlà kejì. Ìyẹn ni wọ́n ń pè ní ògbufọ̀. Èkejì á kọ́kọ́ túmọ̀ gbogbo iṣẹ́ látòkè délẹ̀, á kọ ọ́ sílẹ̀, kọ̀ǹpútà á wá ṣe é wàràwàrà láìdúró de ẹnikẹ́ni mọ́. Òun ni akọ̀wé.

Àǹtí fẹ́ràn ògbufọ̀ bó tilẹ̀ ń falẹ̀. Láṣebìkan a máa fi í ṣe yẹ̀yẹ́: "Àǹtí, ṣé ìgbín yín ti jí?"

Lọ́dún kan, òjò rọ̀ bí ẹni pé kò ní dá mọ́. Tí wọn kò bá ṣí ilẹ̀kùn dáàmù, yóò ya. Tí wọ́n bá ṣí i jù, omi yóò gbé abúlé Ìsàlẹ̀-Odò lọ tọmọ-tàgbà. Wọ́n ní láti mọ ìwọ̀n tí wọn yóò ṣí i kí àgbàrá òkè tó dé.

Láṣebìkan gbé iṣẹ́ fún akọ̀wé. Èsì jáde kíá: omi ń fà. Wọ́n yọjú lójú fèrèsé, omi ń gòkè!

"Àǹtí, mo gbé! Ibo ni mo ti ṣì í?"

Akọ̀wé ti sáré kọjá. Kò sí ibi tí wọ́n ti lè dá a dúró bi í.

"Gbé e wá fún ìgbín," ni Àǹtí wí.

Ògbufọ̀ ń ṣe é ní ìlà kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń dá a dúró, wọ́n ń bi í bí omi ṣe ga tó. Kò pẹ́ tí wọ́n fi bá a: omi tó ń wọlé ni Láṣebìkan yọ kúrò dípò kó fi kún un. Wọ́n tún un ṣe.

"Ẹ jẹ́ kí ògbufọ̀ kúkú parí ẹ̀, ẹ jọ̀ọ́."

"Rárá o! Kí ìgbín tó parí, omi á ti dé. Gbé e padà fún akọ̀wé rẹ, kó sáré."

Akọ̀wé sáré lóòótọ́. Bó ṣe wí ni wọ́n ṣí ilẹ̀kùn. Omi dé ẹnu ọ̀nà Ìsàlẹ̀-Odò, kò wọlé ẹnikẹ́ni.

Láṣebìkan dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Àǹtí fà á dìde: "Dìde jàre. Ṣebí ìwọ lo ni eré."

Orí mi ṣì ń wú tí mo bá rántí wọn. Láti ọjọ́ náà, ẹni tó bá bi Láṣebìkan pé èwo ló dára jù nínú méjèèjì, á nawọ́ sí òrùlé Ìsàlẹ̀-Odò, á ní: "Ògbufọ̀ la fi ń wá ọ̀nà, akọ̀wé la fi ń sáré."