Ìpẹ̀ta Ìdí Ààtàn

Ní abúlé Ìdí-Oṣè, láàárín ọ̀dàn níbi tí igi kò ti sún mọ́ra, opó kan wà tó ń jẹ́ Àwẹ̀ró. Ọkọ rẹ̀ kú láìbí ọmọ kankan, síbẹ̀ Àwẹ̀ró kò padà sílé bàbá rẹ̀. Ìyá ọkọ rẹ̀ ló jókòó tì, arúgbó tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò gbé e mọ́, tí ojú rẹ̀ náà sì ti fọ́. Ìyá Àgbà ni gbogbo wọn ń pè é. Bí Àwẹ̀ró bá pọ̀n ọ́n jáde láàárọ̀ kó lè yá oòrùn, àwọn aya ilé á máa ṣe yẹ̀yẹ́ pé, “Àwẹ̀ró, ọmọ ẹ̀yìn rẹ mà ti ń wúwo o!”

Ìyá Àgbà fúnra rẹ̀ ni yóò dáhùn láti ẹ̀yìn, “Ẹ jẹ́ kó pọ̀n mí. Mo ti pọn ọkọ rẹ̀ rí.”

Ọdún kan wá dé tí òjò kọ̀. Àkọ́rọ̀ òjò kò rọ̀. Odò gbẹ, omi kànga àtijọ́ di ẹrẹ̀, ẹrẹ̀ náà sì di eruku. Àwọn obìnrin a máa jí rìn títí oòrùn á fi kàn wọ́n lórí kí wọ́n tó rí omi ìkòkò kan. Olóyèdé, tó ń gbẹ́ kànga fún gbogbo agbègbè náà, gbẹ́ mẹ́ta sí ìdí oṣè ńlá tí wọ́n fi sọ abúlé lórúkọ. Lójú tirẹ̀, igi tó sanra tó bẹ́ẹ̀ kò lè ṣàìmọ ibi tí omi wà. Kò rántí pé inú ara oṣè ni oṣè ń tọ́jú omi rẹ̀ sí. Kànga mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kan àpáta.

Baálẹ̀ bá pe ìlú jọ. “Lọ́jọ́ kẹsàn-án òní, kí kálukú di ẹrù rẹ̀. A ń kó lọ bá àwọn àna wa lókè odò.”

Ọ̀nà ọjọ́ mẹ́ta ni. Nígbà tí Ìyá Àgbà gbọ́, ó ní, “Ẹ máa lọ o. Ibí ni mo sin ọkọ àti ọmọ mi sí, ibí náà ni n ó wà.” Àwẹ̀ró náà pinnu lọ́kàn pé bí ìlú bá lọ, òun kò ní í lọ. Òun àti Ìyá Àgbà yóò jọ wà níbẹ̀, kí Ọlọ́run ṣe èyí tó bá fẹ́.

Ní ọjọ́ karùn-ún, ó lọ ṣẹ́gi. Àsìkò òdòdó ìpẹ̀ta ni, èyí tó máa ń tanná káàkiri ọ̀dàn lọ́dọọdún, ṣùgbọ́n lọ́dún yìí gbogbo wọn dà bí ìgbálẹ̀. Bí ó ti ń bọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààtàn, òórùn dídùn kan gbà á nímú. Ó yíjú. Ìpẹ̀ta kan ṣoṣo dúró níbẹ̀, kò ga ju èjìká ènìyàn lọ, òdòdó àlùkò bò ó mọ́lẹ̀, oyin sì ń kùn yí i ká. Ó ṣẹ́ ẹ̀ka kan, ó mú un lọ fún Ìyá Àgbà.

Ìyá Àgbà gbé e sí imú. “Ìpẹ̀ta! Nínú ọ̀dá yìí? Àwẹ̀ró, ta ló ń bu omi fún un?”

Ìbéèrè yìí kò jẹ́ kí Àwẹ̀ró jókòó. Ó gba ọ̀dọ̀ Olóyèdé lọ, ó kúnlẹ̀, ó ṣàlàyé pé omi lè wà nísàlẹ̀ ìpẹ̀ta náà. Olóyèdé rẹ́rìn-ín títí ó fi di inú mú.

“Ìyàwó, èmi tí mo bá oṣè sọ̀rọ̀ tí kò dá mi lóhùn, igi tí ewúrẹ́ ń rọ́ kọjá ni kí n wá lọ bá gbìmọ̀? Ní ìdí ààtàn! Lọ di ẹrù rẹ, ó jàre.”

Àwẹ̀ró kò bá a jiyàn. Àwọn obìnrin méjìlá, Àwẹ̀ró pẹ̀lú wọn, ló jọ ń ṣe àáró, tí wọ́n máa ń bá ara wọn ṣiṣẹ́ oko ní ọjọ́ kọ̀ọ̀kan. Ó ti ro oko gbogbo wọn kí ọ̀dá tó dé, ọjọ́ tirẹ̀ nìkan ló kù. Bí ilẹ̀ ti mọ́, ó ń lọ láti ilé dé ilé. “Ọjọ́ mi dé o. Ẹ gbé ọkọ́.”

“Oko wo?” ni Àṣàkẹ́, ẹlẹ́nu mímú àárín wọn, bi í. “Kí lo fẹ́ gbìn sínú eruku?”

“Àṣàkẹ́, nígbà tí mo ro tìrẹ, ǹjẹ́ mo bi ọ́ ní ohun tí o fẹ́ gbìn?”

Àṣàkẹ́ gbé ọkọ́. Ẹni tí ọjọ́ kàn ló ń nàka sí ilẹ̀. Àwọn yòókù kì í bèèrè. Àwẹ̀ró pọn Ìyá Àgbà dé ìdí ààtàn, ó gbé e jókòó, ó sì nàka sí ẹ̀gbẹ́ ìpẹ̀ta.

Wọ́n gbẹ́. Àwọn kan ń fi ọkọ́ wú ilẹ̀, àwọn kan ń fi agbọ̀n fa erùpẹ̀ sókè. Olóyèdé jókòó lókèèrè, ó ń pariwo pé, “Ẹ̀yin ìyàwó wa, bí ẹ bá kan ẹja, ẹ ké sí mi o!”

“Egungun rẹ̀ la ó fún ọ!” ni Àṣàkẹ́ dá a lóhùn láti inú kòtò.

Gbòǹgbò ìpẹ̀ta náà kò yà sọ́tùn-ún, kò yà sósì. Ìsàlẹ̀ ló forí lé bí okùn. “Ẹ má gé e,” ni Àwẹ̀ró ń wí, “ẹ máa tẹ̀lé e.” Kòtò jìn ju orí wọn lọ. Ọwọ́ wọn bó, oòrùn sì ti ń lọ sílé. Bí oòrùn bá wọ̀, àáró parí nìyẹn, kò sì ní òmíràn.

“Àwẹ̀ró,” ni Àṣàkẹ́ wí jẹ́jẹ́, “ilẹ̀ ti ń ṣú.”

“Agbọ̀n kan sí i, ẹ jọ̀ọ́.”

Agbọ̀n náà gòkè, ó wúwo ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ìyá Àgbà na ọwọ́, ó bu erùpẹ̀ náà, ó fi í mọ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Amọ̀ funfun ni, ó tutù nini. “Ọmọ mi,” ni ó wí, “ilẹ̀ yìí ti mu omi.”

Olóyèdé wá tẹ̀ríntẹ̀rín. Ó fọwọ́ kan amọ̀, ẹ̀rín sì tán lẹ́nu rẹ̀. Ó bọ́ dàńṣíkí rẹ̀. “Ẹ jáde, ẹ jọ̀ọ́, ilẹ̀ olómi lè ya lù yín. Ẹ jẹ́ kí n bọ́ síbẹ̀.” Ó sọ̀ kalẹ̀, ó fi dígà sá ilẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà tí ó sá a lẹ́ẹ̀kẹta, omi bẹ̀rẹ̀ sí í sun bo ẹsẹ̀ rẹ̀.

Ariwo sọ! Àwọn obìnrin ń jó lórí erùpẹ̀, àwọn ọkùnrin ń sáré bọ̀. Àṣàkẹ́ bẹ̀rẹ̀ létí kòtò pé, “Olóyèdé, ẹja dà?” Ìyá Àgbà ni wọ́n kọ́kọ́ bu omi fún. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run kó tó mu ún. Baálẹ̀ sì ní kí wọ́n tú gbogbo ẹrù.

Olóyèdé gòkè wá pẹ̀lú ẹrẹ̀ lára, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú Ìyá Àgbà. “Ìyá, ìdí igi ńlá ni mo ń lọ. Ẹ forí jì mí.”

Ìyá Àgbà rẹ́rìn-ín. “Dìde, ọmọ mi. Lọ́jọ́ mìíràn, má wo bí igi ti tóbi tó. Wo bí ó ti ń ṣe nígbà tí nǹkan le.”

Wọ́n ṣọgbà yí ìpẹ̀ta náà ká. Àwẹ̀ró kò lọ, Ìyá Àgbà kò lọ, abúlé kò sì tú. Ẹnu Olóyèdé ni wọ́n sì ti kọ́kọ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ kan, bí ó ti ń lọ láti ìlú dé ìlú gbẹ́ kànga, kí àwọn àgbà ọ̀dàn tó sọ ọ́ di òwe pé: Igi tó tanná lọ́dún ọ̀dá, òun ni kí a bi ní ọ̀nà omi.