Akọ̀wé Àwọn Ajubọ́ǹbù

Ọkùnrin kan wà tó ṣe akọ̀wé nígbà ogun Hítílà, lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ ọmọ ogun kan tó ń fi bàálù ju bọ́ǹbù. Bàálù wọn kò tóbi jù, kò sì kéré. Èèyàn mẹ́rin ló ń wọ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti kọ orúkọ àwọn tó gbéra, kó sì tún kọ ti àwọn tó padà. Bí bàálù kan kò bá padà, òun ló ń bá ọ̀gá kọ lẹ́tà sí ìyá àwọn tó wà nínú rẹ̀.

Nítorí lẹ́tà yìí ló ṣe ní àṣà kan. Kí ọmọ ogun kọ̀ọ̀kan tó wọ bàálù, á bi í ní ìbéèrè kan nípa ilé rẹ̀. Ọ̀kan sọ orúkọ ajá rẹ̀. Òmíràn ní ẹyẹlé lòun ń sìn. Wọ́n á fi í ṣe yẹ̀yẹ́ pé, "Akọ̀wé, ṣé o fẹ́ fẹ́ àbúrò mi ni?" Ṣùgbọ́n wọ́n ń dáhùn.

Ogun parí. Ó padà sílé, ó gbéyàwó. Lẹ́yìn ọdún púpọ̀, àwọn tó ṣẹ́kù nínú ẹgbẹ́ náà ní kó bá àwọn kọ ìtàn àwọn sínú ìwé. Ọdún mọ́kànlá ló fi kọ ọ́. Lójoojúmọ́ ni ìyàwó rẹ̀ ń dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá náà.

"Bàbá Jọláadé, oúnjẹ ti ń tutù o."

"Mò ń bọ̀. Ó ku bàálù kan tí kò tíì balẹ̀."

"Ẹ jẹ́ kí èmi náà lọ wọ bàálù, bóyá ẹ ó bi mí léèrè nǹkan."

Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín. Ó tún tẹjú mọ́ ìwé.

Ìwé parí, kò fo ẹnì kankan. Ní oṣù kejì lẹ́yìn náà, ìyàwó rẹ̀ ṣàìsàn ọjọ́ mẹ́ta, ó kú. Ṣọ́ọ̀ṣì ní kí ọkọ kọ ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ tí wọn yóò kà níbi ìsìnkú. Ó kọ orúkọ rẹ̀. Ó kọ orúkọ àwọn ọmọ. Ó wá jókòó, kálàmù lọ́wọ́.

Àbúrò ìyàwó rẹ̀ wá gba ohun tó kọ, ó kà á tán kíá.

"Ẹ ò kọ ti àwọn ẹyẹlé rẹ̀."

"Ẹyẹlé wo?"

"Àwọn tó ń sìn nílé bàbá wa. Lọ́jọ́ tó ń bọ̀ nílé yín, orí wọn ló sunkún lé. Kò sọ fún yín ni?"

Ó kọ àwọn ẹyẹlé náà sí i.

Ìwọ tó jókòó níwájú mi yìí, ìdí tí akọ̀wé yìí fi ń bi àwọn ọmọ ogun léèrè ni pé ó mọ̀ pé wọ́n lè má padà. Kò bi ìyàwó rẹ̀, torí ó rò pé kò níbi tó ń lọ. Ẹni tó ń gbé oúnjẹ wá fún ọ nílé, ẹnu ọ̀nà lòun náà dúró sí, òun náà lè lọ kó má padà. Tó o bá délé lónìí, má tíì ṣí abọ́. Bi í ní ìbéèrè kan, kó o sì gbọ́ ìdáhùn rẹ̀ tán.