Ọ̀rúnlá Ìyá Àwẹ̀ró àti Ẹ̀wù Irin Arógunjó

"Kábíyèsí, ẹ jẹ́ kí wọ́n máa bọ̀! Irin ni wọ́n wọ̀, irin ni mo wọ̀. Irin nìkan ló lè borí irin. Bí ohun mìíràn tí kì í ṣe irin bá ṣẹ́gun àwọn ẹni ibi yìí, kí èmi Arógunjó jókòó sí ẹ̀bá ààrò, kí n máa rẹ́ ilá títí di ọjọ́ ikú mi!"

Báyìí ni Arógunjó, Jagun ìlú Àgbókè, akọni tí í rí ogun tí í bẹ́ sí ijó, ṣe fọ́nnu lójú gbogbo ìlú ní ọjọ́ tí ìpayà gba ilẹ̀ kan. Ìpayà náà kò ṣàìnídìí. Àwọn ẹlẹ́ṣin afìlúṣòfò kan ti rékọjá odò Ọya, wọ́n ti sọ ìlú mẹ́ta di ahoro láàárín oṣù kan, wọ́n sì ti ránṣẹ́ sí Àgbókè pé kí wọ́n kó ogójì ọ̀dọ́ wá lẹ́rú kí ọjọ́ mẹ́sàn-án tó pé, tàbí kí wọ́n máa retí iná. Olórí wọn, Bàdàkú, kì í wọ aṣọ bí ènìyàn. Ẹ̀wù tí a fi òrùka irin wẹ́wẹ́ kọ́ mọ́ra ni òun àti ogun rẹ̀ ń wọ̀, èyí tí ọfà ń bà tí ó ń ta dànù bí òkò lára àpáta. Àwọn oníṣòwò tí ń fi ràkúnmí la aṣálẹ̀ kọjá ni ó ń kó irú ẹ̀wù bẹ́ẹ̀ bọ̀. Wọ́n ní etí òkun kan lọ́nà jíjìn ni ó ti wá, níbi tí àwọn tó fi àgbélébùú sáyà àti àwọn Mùsùlùmí ti ń bá ara wọn jà nítorí ìlú mímọ́ kan. Ẹni tó bá kú, wọ́n á bọ́ ẹ̀wù rẹ̀, ẹ̀wù náà á sì máa ti ọwọ́ bọ́ sí ọwọ́. Arógunjó náà ti fi eyín erin méjì gba ọ̀kan. Ihò kan tó gba ìka mẹ́ta wà lábẹ́ abíyá ọ̀tún ẹ̀wù ọ̀hún. Oníṣòwò ní fún afẹ́fẹ́ ni. Arógunjó gbà á gbọ́, ó sì ń sọ ọ́ kiri ìlú.

Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ ńlá yìí, ó kù kí Jagun dọ̀bálẹ̀, nítorí ní Àgbókè, ẹni tó bá sọ̀rọ̀ níwájú ọba tí kò fi ìdọ̀bálẹ̀ pa á dé, ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò tíì wọlé. Arógunjó dọ̀bálẹ̀. Ìró rẹ̀ dà bíi ti ẹrù ìkòkò tó já lórí. Ìdọ̀bálẹ̀ kò le. Dídìde ló di iṣẹ́. Ó fọwọ́ tilẹ̀, ẹ̀wù fà á padà. Ó yí sọ́tùn-ún, ó yí sósì. Ọba, tó ti dàgbà tó sì mọ ọmọlúàbí, gbójú sókè bí ẹni ń wo ṣíṣú òjò. Ọkùnrin mẹ́ta ló fa Jagun dìde. Ó gbọn ara rẹ̀, ó ní eruku ààfin ti pọ̀ jù.

Gbogbo èrò rẹ́rìn-ín sínú, àfi ẹnì kan. Ìyá Àwẹ̀ró ni, Àwẹ̀ró aṣọ̀rọ̀-má-pariwo, opó tí í dá oko tí ọkùnrin ń sá fún, tí oko ilá rẹ̀ gba ẹ̀gbẹ́ òkè méjì. Ọmọ-ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo wà lára àwọn ogójì tí wọ́n ti kà sílẹ̀. Ó ti ń wo Jagun nílẹ̀ bí ẹni ń wo ọbẹ̀ lórí iná. Ó kúnlẹ̀.

"Kábíyèsí, kí adé pẹ́ lórí. Ilá kì í ga ju onírè. Bó bá ga, a ó tẹ̀ ẹ́ ká a ni. Ohun tí a rí lára Jagun wa lónìí, ó wà lára Bàdàkú náà. Ẹni tó wọ irin kì í ṣe ẹni à ń bá jà lóòró, ẹni à ń mú dùbúlẹ̀ ni. Ọ̀nà kan ṣoṣo ló wọ ìlú wa, gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ àpáta dídán ló sì gbà. Kí gbogbo ilé kó ilá gbígbẹ orí àjà wọn jáde, gbogbo ọ̀rúnlá pátá, pẹ̀lú kán-ún. Ẹ jẹ́ ká lọ̀ ọ́, ká sè é, ká dà á sórí àpáta. Òùngbẹ ọbẹ̀ á gbẹ wá títí òjò á fi rọ̀, ṣùgbọ́n àwọn ọmọ wa á wà níbẹ̀ láti bá wa kùn."

Arógunjó rẹ́rìn-ín títí òrùka ara rẹ̀ fi ń dún. "Ìyá, ọbẹ̀ lẹ fẹ́ fi jagun? Ṣé ká kúkú gúnyán tì í ni?"

"Jagun mi," ni Ìyá Àwẹ̀ró fèsì, "ẹ sáà má gba ibẹ̀ kọjá láàárọ̀ ọjọ́ náà."

Ọba ní kí wọ́n gbéná kalẹ̀.

Ọjọ́ mẹ́ta ni èéfín kò fi kúrò lókè Àgbókè. Àwọn obìnrin kan tilẹ̀ ń sunkún bí wọ́n ṣe ń da ọ̀rúnlá ọdún kan sínú omi, ṣùgbọ́n wọ́n dà á. Nígbà tí ilẹ̀ ọjọ́ kẹsàn-án mọ́, tí eruku ẹṣin yọ nísàlẹ̀, àpáta ti ń fà láti òkè délẹ̀ bí imú ọmọ tí òtútù mú. Àwọn ọdẹ fi àwọ̀n àti okùn lúgọ sí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì. Arógunjó nìkan ló kọ̀, ó ní Jagun kì í fara pamọ́ sẹ́yìn ìkòkò. Ó yọ idà, ó bọ́ sórí àpáta láti pe Bàdàkú níjà. Ẹsẹ̀ kan péré ló gbé. Ìjókòó ló fi sọ̀ kalẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀, idà lọ́wọ́, kò sì dúró títí ó fi dé iwájú ẹṣin àwọn ọ̀tá.

Bàdàkú rò pé ẹ̀rù ló gbé ọkùnrin náà ṣubú. Ó rẹ́rìn-ín, ó gún ẹṣin rẹ̀ ní kẹ́ṣẹ́, gbogbo ogun rẹ̀ tẹ̀ lé e, wọ́n fi Arógunjó sílẹ̀ níbi tó jókòó sí. Wọ́n dé agbedeméjì. Ẹṣin àkọ́kọ́ yọ̀, ó gbá èkejì, èkejì gbé ẹ̀kẹta lọ, àwọn ẹ̀yìn kò sì rí ohun tó ń ṣe àwọn iwájú, wọ́n ṣáà ń rọ́ bọ̀. Kò pẹ́, ilẹ̀ kún fún akọni tó ń wo ojú ọ̀run. Ẹni tó bá fọwọ́ tilẹ̀, ọwọ́ á yọ̀; ẹni tó bá di ẹlòmíràn mú, wọ́n á jọ lọ ni. Àwọ̀n já lù wọ́n. Ìyá Àwẹ̀ró gba ojú ọ̀nà tóóró tí wọ́n da eérú sí sọ̀ kalẹ̀, ọmọ odó léjìká, ó dúró lórí Bàdàkú.

"Dìde, ọmọ akin, ká jà."

Bàdàkú gbìyànjú. Ó yọ̀ padà.

"O ò lè dìde? Ogójì ọmọ lo ní ká kó wá. Wọ́n ti dé. Àwọn ló ń dè ọ́ yìí."

Àwọn ọmọ náà dì wọ́n ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ọ̀rúnlá ti bo gbogbo wọn lójú, akọni kò ṣe é yà sọ́tọ̀ lára akọni. Nígbà tí Ìyá Àwẹ̀ró ń wò wọ́n lọ, ó bá ọ̀kan tó dákẹ́ jù, tí kò bú ẹnikẹ́ni, tí kò sì bẹ̀bẹ̀. Ó gbé apá ọ̀tún rẹ̀ sókè, ó yẹ abíyá rẹ̀ wò.

"Ẹ tú eléyìí," ló wí. "Tiwa ni. Ihò afẹ́fẹ́ rẹ̀ nìyí."

Bàdàkú búra pé bí òun bá ti padà sílé, òun kò ní fẹsẹ̀ kan odò Ọya mọ́. Ẹsẹ̀ lásán àti ìbàǹtẹ́ ni wọ́n fi lé òun àti ogun rẹ̀ lọ. Àwọn alágbẹ̀dẹ yọ́ gbogbo ẹ̀wù irin, wọ́n fi rọ ọkọ́ àti ọ̀bẹ. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pe àpáta yẹn ní Àyọ̀ṣubú, tí ẹnikẹ́ni kì í sì í wọ ohun irin dé iwájú ọba Àgbókè. Ẹni tí wọ́n bá fẹ́ fi jẹ Jagun, kí wọ́n tó fún un ní idà, yóò kọ́kọ́ rẹ́ agbọ̀n ilá kan ní agbo ilé Àwẹ̀ró lójú gbogbo ìlú.

Ẹni tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ kò dúró de ìwúyè. Nígbà tí òjò rọ̀, tí ilá àkọ́so tó ká, Arógunjó wá sí agbo ilé náà láàárọ̀. Ẹnikẹ́ni kò ránṣẹ́ pè é. Ọ̀bẹ kékeré kan wà lọ́wọ́ rẹ̀, èyí tí wọ́n fi ẹ̀wù tirẹ̀ rọ. Ó fa àpótí sẹ́bàá ààrò, ó jókòó. Ìyá Àwẹ̀ró gbé agbọ̀n kalẹ̀ níwájú rẹ̀.

"Ẹ kú iṣẹ́, Jagun. Wẹ́wẹ́ la máa ń rẹ́ ẹ níbí o."

"Mo ti gbọ́, Ìyá," ló wí, ó sì rẹ́ ẹ wẹ́wẹ́.