Ilé Tí Ó Ń Jẹ Kòkó

Ọkùnrin àgbẹ̀ kan wà ní ìlú kan tí kò jìnnà sí Oǹdó, tí ó fẹ́ràn ìyàwó rẹ̀ débi pé àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ máa ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Bí ó bá ti oko dé, kò ní jókòó títí yóò fi mọ ibi tí obìnrin náà wà. Bí obìnrin náà bá pẹ́ ní ìpàdé ìjọ, ọkùnrin náà yóò máa rìn yí àgbàlá po bí adìẹ tó ń wá ibi tí yóò yé sí. Akínmádé, mo rí i pé o ń rẹ́rìn-ín. O mọ ẹni tó ń ṣe bẹ́ẹ̀, àbí? Ìyàwó rẹ náà mọ̀ ọ́n. Fara balẹ̀ gbọ́ ìyókù lẹ́nu èmi àbúrò ìyá rẹ.

Tọkọtaya yìí àti àwọn ọmọ wọn ń gbé nínú yàrá kan ṣoṣo ní agbo ilé bàbá ọkọ. Òrùlé yàrá náà ń jò. Tí òjò bá ti ṣú, ìyàwó yóò gbé abọ́ síbí, yóò gbé ìkòkò sọ́hùn-ún, yóò sì fa àwọn ọmọ lọ sí igun tí omi kò tíì dé. Kì í ráhùn. Ohun tó ń dun ọkọ rẹ̀ jù nìyẹn. Ó ní ì bá sàn kí obìnrin náà bú òun lẹ́ẹ̀kan, kí ọkàn òun fi balẹ̀.

Oko kòkó kan ni wọ́n fi ń jẹun. Ọkùnrin náà ló fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbìn ín kí ó tó gbéyàwó, àwọn igi náà sì ṣẹ̀ṣẹ̀ ń so débi tó dùn ún wò. Láti ibẹ̀ ni owó ilé ìwé ti ń wá. Ọmọbìnrin tó jẹ́ àkọ́bí wọn ti sọ pé nọ́ọ̀sì ni òun fẹ́ ṣe, bàbá rẹ̀ sì ti dá a lóhùn pé, “Kòkó yóò rán ọ lọ.” Ọmọ náà gbà á gbọ́, ó sì ń ṣe bí ẹni pé ó ti wọ aṣọ funfun náà sọ́rùn.

Ọkùnrin náà pinnu pé òun yóò kọ́lé fún ìyàwó òun. Kì í ṣe ilé yẹpẹrẹ o: ilé onípáànù, tó ní pálọ̀, tó ní yàrá mẹ́rin, tí wọn yóò da sìmẹ́ńtì sí iwájú rẹ̀ fẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀. Owó kò sí lọ́wọ́. Ní àsìkò yẹn, àgbẹ̀ tó bá nílò owó ńlá yóò fi oko rẹ̀ dógò lọ́dọ̀ ẹni tó lówó. Olówó yóò gbé owó kalẹ̀, yóò sì gba oko. Gbogbo kòkó tó bá so nínú oko náà di tirẹ̀, òun ni èlé orí owó rẹ̀. Ojú owó, ìyẹn iye tí àgbẹ̀ yá gan-an, kò ní dín kù. Ọjọ́ tí àgbẹ̀ bá kó ojú owó náà dé ni yóò tó gba oko rẹ̀ padà, ì báà jẹ́ lẹ́yìn ogún ọdún. Kò sí ọmọ ilẹ̀ náà tí kò mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ọkùnrin wa náà mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n nǹkan tí a ń rí lára ẹlòmíràn, kì í rọrùn láti rí i nígbà tó bá kàn wá.

Alágbàtà kòkó kan ló lọ bá, ó sì mú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ dání gẹ́gẹ́ bí ẹlẹ́rìí. Mi ò fẹ́ kí o ro alágbàtà yìí sí èèyàn burúkú. Kì í ṣe olè, kì í ṣe ọ̀kánjúwà. Ó fún wọn ní àga, ó bu omi tútù fún wọn, ó sì ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ ní gbangba: kòkó jẹ́ tòun, owó òun dúró bó ṣe wà. Lẹ́yìn náà ó béèrè bóyá wọ́n ní ọ̀rọ̀ kankan láti sọ.

Ọkùnrin náà ní, “Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni. Èló ni n ó máa mú wá fún yín lọ́dọọdún?”

Alágbàtà rẹ́rìn-ín. Ó ní, “Má mú kọ́bọ̀ wá. Kí o ṣáà ti fi oko sílẹ̀ fún mi.”

Inú ọkùnrin náà dùn bí ẹni tí wọ́n fi ilé ta lọ́rẹ. Kò béèrè ohun mìíràn. Kò béèrè ibi tí òun yóò ti rí ojú owó nígbà tí oko tó ń mú owó wá ti wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Ojú páànù nìkan ló ń rí. Nígbà tó délé, ó gbá ìyàwó rẹ̀ mú, ó ní, “Mo ti rówó. A ò sì ní san nǹkan kan.” Ìyàwó bi í léèrè bó ṣe jẹ́. Ó ní kí ó fi ìyẹn sílẹ̀ fún òun, kí ó máa ronú irú àwọ̀ tí yóò kun fèrèsé.

Wọ́n kọ́ ilé náà. Mo fẹ́ kí o mọ̀ pé ilé náà dára. Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí òjò rọ̀ lé orí páànù yẹn, ìyàwó jókòó sí àárín pálọ̀, kò gbé abọ́ síbì kankan, ó sì sunkún. Ọkọ rẹ̀ dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wò ó. Inú mi máa ń dùn tí mo bá rántí apá ibẹ̀. Ẹni tó bá sọ pé kí ènìyàn má fẹ́ ilé, onítọ̀hún kò tíì sùn lábẹ́ òrùlé tó ń jò rí.

Nígbà tí àsìkò kòkó dé, àwọn lébìrà alágbàtà wọ oko. Wọ́n já kòkó, wọ́n fọ́ ọ, wọ́n fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ bò ó títí tó fi gbóná. Wọ́n wá ń wá ibi tí wọn yóò sá a sí. Kí ni ì bá tún dára ju sìmẹ́ńtì tuntun iwájú ilé náà lọ? Alágbàtà bẹ ìyàwó pé kí ó bá òun máa yí i lábẹ́ oòrùn, òun yóò fún un ní owó ọbẹ̀. Ìyàwó gbà. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe di pé kòkó oko wọn ń gbẹ níwájú ilé wọn, lọ́wọ́ ìyá ilé fúnra rẹ̀, tí ọkọ̀ sì ń gbé e lọ sílé ẹlòmíràn. Ọkùnrin náà wá ń lọ ṣiṣẹ́ ojúmọ́ nínú oko àwọn aládùúgbò kí wọ́n lè rí oúnjẹ jẹ.

Ọdún ń gorí ọdún. Bí ọkọ̀ bá ti kó àpò kòkó tán, ọkùnrin náà á sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé, “Gbèsè náà á ti wálẹ̀ gan-an báyìí.” Ta ló sọ bẹ́ẹ̀ fún un? Kò sẹ́ni tó sọ ọ́. Ó kàn ń wo òkìtì kòkó tó ń lọ ni, ọkàn rẹ̀ kò sì gbà pé gbogbo ìyẹn lè lọ kí ohunkóhun má dín kù. Ní ọdún kan owó kòkó lọ sókè gan-an, igi náà sì so bí ẹni pé wọ́n bẹ̀ ẹ́. Kòkó ọdún kan yẹn nìkan fẹ́rẹ̀ẹ́ tó owó tí wọ́n fi kọ́ ilé. Ó lọ tòun tàpò rẹ̀.

Ọdún yẹn gan-an ni àkọ́bí wọn jáde ìwé mẹ́wàá. Ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì gbà á. Ó gbé ìròyìn náà wá fún bàbá rẹ̀ pẹ̀lú ìdùnnú, bàbá sì ní kí ó dúró díẹ̀. Ọmọ náà ní kò burú. Ó yípadà lọ sí ẹ̀yìnkùlé, kò sì jáde wá jẹun.

Ìyàwó ń yí kòkó lábẹ́ oòrùn nígbà náà. Ó rí gbogbo rẹ̀. Ó gbé ọ̀pá ìyíkòkó sílẹ̀, ó wọlé tọ ọkọ rẹ̀ lọ.

Ó ní, “Bàbá àwọn ọmọ mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi yàrá kan hàn mí nínú ilé yìí tí a ti san owó rẹ̀ tán.”

Ọkùnrin náà la ẹnu, ó fẹ́ tọ́ka sí pálọ̀. Ó tún sọ ọwọ́ kalẹ̀. Ó ní, “Jẹ́ kí n lọ béèrè.”

Alágbàtà gbà á tọwọ́tẹsẹ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀. Nígbà tó gbọ́ ìbéèrè rẹ̀, ó yà á lẹ́nu. Ó ní, “Owó mi ṣì wà bí o ṣe kà á lọ́wọ́ mi. Kòkó ni mo ń jẹ. Ṣé mi ò sọ ọ́?” Wọ́n ránṣẹ́ pe ẹ̀gbọ́n tó ṣe ẹlẹ́rìí. Ẹ̀gbọ́n ní, “Ó sọ ọ́, àbúrò mi. Ẹ̀rín lò ń rín lọ́jọ́ náà.”

Ó padà sílé, ó sì jẹ́wọ́ fún ìyàwó rẹ̀. Ó ti múra pé obìnrin náà yóò bú òun. Ó ti ń dúró de èébú yẹn láti ayé òrùlé tó ń jò. Ìyàwó kò bú u. Ó jókòó tì í lórí àga, ó ní, “Ẹ nífẹ̀ẹ́ mi débi pé ẹ kò jẹ́ kí n mọ iye tí mo ń ná yín. Ẹ má tún nífẹ̀ẹ́ mi báyẹn mọ́.” Lẹ́yìn náà ó wẹ ọwọ́, ó wé gèlè, ó ní kí wọ́n jọ lọ.

Nígbà tó dé iwájú alágbàtà, ó kúnlẹ̀ kí i dáadáa. Ó wá béèrè ohun tí ọkọ rẹ̀ kò béèrè: bí àwọn bá kó díẹ̀ wá nínú ojú owó, ṣé yóò dá díẹ̀ padà nínú oko? Alágbàtà fọwọ́ ra irùngbọ̀n. Ó ní ẹnikẹ́ni kò béèrè irú rẹ̀ lọ́wọ́ òun rí, ṣùgbọ́n òun kò rí ibi tó burú nínú rẹ̀.

Wọ́n kó kúrò nínú pálọ̀ àti àwọn yàrá iwájú, wọ́n fi wọ́n háyà fún àwọn tíṣà. Àwọn àti àwọn ọmọ wọn kó sínú yàrá ẹ̀yìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé ìdáná. Ará àdúgbò fi wọ́n rẹ́rìn-ín pé onílé ń gbé bí àlejò. Ojú ń ti ọkọ. Ìyàwó ní kí ó sún mọ́ òun, pé yàrá náà kéré, kò sì ní ibòmíràn tí yóò sá lọ. Owó háyà kò tó nǹkan, ṣùgbọ́n wọn kò fi jẹun. Ojú owó ni wọ́n fi ń san lọ́dọ̀ alágbàtà. Ó pẹ́ kí wọ́n tó gba apá oko tó wà létí odò. Kòkó apá yẹn ni wọ́n fi gba èyí tó tẹ̀ lé e. Bí ojú owó ṣe ń kéré sí i ni oko ń yára bọ̀ wálé, títí gbogbo rẹ̀ fi padà.

Ọmọ náà lọ sí ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì. Ó jókòó láàárín àwọn ọmọdé tó ń pè é ní àǹtí. Ó yege, ó sì di nọ́ọ̀sì. Ṣùgbọ́n ọdún tó fi jókòó sílé, tó ń rán aṣọ fún àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tó ń relé ọkọ, kò sẹ́ni tó lè dá a padà fún un. Bí o bá fẹ́ mọ iye tí ilé yẹn jẹ́ ní tòótọ́, ka owó tí wọ́n yá, ka gbogbo kòkó tó gba iwájú rẹ̀ lọ, kí o wá ka ìyẹn mọ́ ọn.

Akínmádé ọmọ ẹ̀gbọ́n mi, ọ̀rọ̀ kàn ọ́ wàyí. Nígbà tí o fi àwòrán ilé hàn mí lórí fóònù rẹ, mo rí táìlì, mo rí ibi tí ìyàwó rẹ yóò máa dáná, inú mi dùn. Mo bi ọ́ iye tí ilé náà jẹ́. O sọ iye tí báńkì ní kí ẹ máa san lóṣooṣù. Mo tún un bi. O tún sọ ti oṣù. Ìyẹn ni mo fi ní kí o jókòó.

Àwọn ará báńkì kò ní purọ́ fún ọ. Wọn yóò fún ọ ní àga, ẹ̀rọ amúlétutù yóò máa fẹ́ ọ, wọn yóò sì dá ọ lóhùn ohun tí o bá béèrè. Nítorí náà, béèrè. Ní kí wọ́n ro gbogbo rẹ̀ pọ̀ fún ọ, láti oṣù àkọ́kọ́ dé ìgbẹ̀yìn, kí wọ́n pe àpapọ̀ rẹ̀ sí ọ létí. Ní kí wọ́n sọ èyí tó jẹ́ èlé àti èyí tó jẹ́ ojú owó nínú ohun tí ẹ ó san lọ́dún àkọ́kọ́, nítorí ibẹ̀ ni ẹnu yóò ti yà ọ́. Bí èlé bá sì lọ sókè lẹ́yìn ọ̀la ńkọ́? Bí Ọlọ́run bá sì ṣe é, tí owó díẹ̀ wọlé, ṣé wọn yóò gbà kí ẹ fi dín ojú owó kù láìbu owó ìtanràn lé e?

Mi ò ní kí o má rà á. Mo fẹ́ kí o rà á, mo sì ti mọ yàrá tí n ó máa sùn sí. Ṣùgbọ́n má dá lọ. Mú ìyàwó rẹ dání, kí ẹ jọ gbọ́ iye náà lẹ́ẹ̀kan náà, kí ẹ sì wojú ara yín kí ẹ tó fọwọ́ sí ohunkóhun. Ọmọ tó wà nínú ìyàwó rẹ yìí yóò ti máa wá yunifásítì kí ẹ tó san owó oṣù tó gbẹ̀yìn. Òun náà yóò bá yín san níbẹ̀, kò sì tíì lẹ́nu tí yóò fi béèrè nǹkan kan. Ẹ bá a béèrè.