Èjìká Ọláògún

Àwọn àgbà a máa ní, "Apá tí kò ṣé ṣán, à á ká a lérí." Ọ̀rọ̀ náà ṣòro díẹ̀. Ẹni tí a bá rí tó káwọ́ lérí láàárín wa, a mọ̀ pé ọ̀fọ̀ ló ṣẹ̀ ẹ́. Kí ló wá dé tí a fi ń gba ènìyàn nímọ̀ràn pé kó ṣe bẹ́ẹ̀? Ọ̀dọ̀ àgbẹ̀ kan ní ìlú Ìdí-Ìyeyè ni ọ̀rọ̀ ti ṣẹ̀.

Ọláògún lorúkọ rẹ̀. Ó ga, ó sì síngbọnlẹ̀. Bí ó bá ń lọ lọ́nà, apá rẹ̀ méjèèjì a máa fì síwá sẹ́yìn débi pé ẹni tó ru igi bọ̀ láti oko a yà fún un. Àwọn ará ìlú ní ẹni tó bá ti rí ìrìn rẹ̀ ti mọ̀ pé ebi kò sí nílé rẹ̀. Ọláògún gbọ́ pé wọ́n ń sọ bẹ́ẹ̀, ó sì dùn mọ́ ọn.

Ní ọdún kan, ó gun òrùlé láti pààrọ̀ koríko tó ti jẹrà. Igi tó tẹ̀ ṣẹ́, ó já bọ́, èjìká ọ̀tún ló sì fi balẹ̀. Àbúrò rẹ̀ sáré wá, ó di ọwọ́ náà mú, ó ń fà á títí, ó rò pé òun ń tún un ṣe. Ọjọ́ kẹta ni wọ́n tó ránṣẹ́ pe Bàbá Ṣọ́bándé, àgbà tó ń to eegun ní abúlé kejì. Bàbá dá eegun náà padà sí ààyè rẹ̀, ṣùgbọ́n iṣan ti ya.

Ó ní, "Oríkèé èjìká dà bí ọmọ odó nínú odó, kò síbi tí kì í yí sí. Òun ló bàjẹ́ yìí. Oríkèé ìgúnpá dà bí ilẹ̀kùn, kíká àti nínà nìkan ló mọ̀, kò sì sí ohun tó ṣe é. Òun ni kí o máa lò."

Ó rọra gbé apá náà sókè, ó ká a, ó sì gbé àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ lé Ọláògún lórí. Ìrora lọ lójú ẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n bí Bàbá ti jáde ni Ọláògún sọ ọwọ́ rẹ̀ kalẹ̀. Ojú ń tì í láti máa rìn bí ẹni tí ọmọ kú fún. Oṣù mẹ́ta ni kò fi yọjú sí ìta.

Nígbà tó yá, àwọn ará Agbójó, abúlé tó bá wọn pààlà, sọ pé àwọn ló ni ilẹ̀ etí odò tí gbogbo àdúgbò Ọláògún fi ń jẹun. Ọba ní kí tọ̀tún tòsì wá sí ààfin. Gbogbo àgbà tó mọ ààlà ilẹ̀ náà ti kú, àfi Ọláògún tí bàbá rẹ̀ mú yí i ká nígbà tó wà lọ́mọdé. Wọ́n bẹ̀ ẹ́, ó gbà.

Ní àárọ̀ ọjọ́ náà, ó wọ dàńdógó, ó ní òun yóò rìn bí òun ti ń rìn. Kò tíì kọjá ilé kẹta tí èjìká fi mú un, tó jókòó sórí kùkùté, tí òógùn bò ó. Ó padà sílé, ó ní kí wọ́n lọ sọ pé ara òun kò yá.

Àwẹ̀ró ìyàwó rẹ̀ ní,

"Bàbá Dúródọlá, ẹsẹ̀ la fi ń rìn dé ààfin. Kí lẹ fẹ́ fi apá ṣe níbẹ̀?"

"Wọn á máa bi mí pé ta ló kú."

"Bí ilẹ̀ yẹn bá lọ, gbogbo wa la máa káwọ́ lérí."

Ọláògún dìde. Lẹ́yìn náà ló fi ọwọ́ òsì gbé ọ̀tún, ó ká a lérí, ó sì jáde. Àwọn obìnrin tó pàdé ń kúnlẹ̀ kí i kú àráfẹ́rakù. Ó ń dá wọn lóhùn pé kò sẹ́ni tó kú. Ó nira fún un lọ́dọ̀ àwọn ẹni àkọ́kọ́. Nígbà tó fi dé ààfin, ó ti mọ́ ọn lẹ́nu.

Ọba béèrè pé, "Ọláògún, ta lo pàdánù?"

"Kábíyèsí, kò sẹ́ni tó kú. Apá tí kò ṣé ṣán ni mo ká lérí."

Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Ọba kò rẹ́rìn-ín. Ó ní kí ó ṣáájú àwọn lọ sórí ilẹ̀ náà. Ọláògún rin ilẹ̀ náà láti ìdí pèrègún kan dé èkejì títí oòrùn fi yí, ọwọ́ òsì ló fi ń tọ́ka. Ní ìdí pèrègún kẹta, ó ní kí wọ́n gbẹ́lẹ̀. Wọ́n bá ìdarọ, pàǹtí irin ilé alágbẹ̀dẹ, tí bàbá rẹ̀ rì mọ́lẹ̀ níbẹ̀ láti fi ṣàmì ààlà. Àwọn ará Agbójó wò ó, wọ́n sì fi ilẹ̀ náà sílẹ̀.

Èjìká náà kò san títí ó fi darúgbó, ṣùgbọ́n kò jókòó sílé nítorí rẹ̀ mọ́. Bí ẹnìkan ní Ìdí-Ìyeyè bá wá ti ilẹ̀kùn mọ́rí nítorí pé ohun tó ń ṣe tẹ́lẹ̀ kò ṣeé ṣe mọ́, wọn kì í bá a jà. Wọ́n á kàn ní: apá tí kò ṣé ṣán, à á ká a lérí.