Alángbá Lẹ́nu Ọ̀nà Ilé Àbò

Ẹ sún kẹ́rẹ́, kí àyè gbà wá. Àlọ́ rèé o!

Ẹ máa pa á bọ̀, etí wa ń bẹ ńlẹ̀!

Àlọ́ mi yìí rìn gbẹ̀rẹ̀, ó sáré tete, kò dúró níbì kan àfi lọ́dọ̀ Alángbá, lọ́dọ̀ Àwẹ̀ní ìyàwó rẹ̀, àti lọ́dọ̀ Ọ̀kùn ẹlẹ́sẹ̀ púpọ̀ tó ń ṣọ́nà.

Ìlú kan wà tí wọ́n ń pè ní Ṣẹ̀ṣẹ̀dé. Níbẹ̀, òkúta ń hu ewé, odò sì máa ń sùn lọ́sàn-án. Ilé funfun kan wà láàárín ìlú náà, Ilé Àbò ni wọ́n ń pè é. Kò ní fèrèsé. Kò ní ilẹ̀kùn tí ojú lè rí. Ògiri ló yí i ká. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti wọ inú rẹ̀, ewu kankan ò lè tẹ̀ lé e wọlé. Àṣá àti òròmọdìẹ ń jẹun nínú àwo kan náà níbẹ̀. Iná ò lè jó o. Ebi ò mọ ọ̀nà ibẹ̀.

Báwo ni wọ́n ṣe ń wọ̀ ọ́? Ẹ farabalẹ̀, mo ń bọ̀ níbẹ̀. Tí o bá dé iwájú ògiri, o ó kí ilé. Bí o bá jẹ́ ọkùnrin, o ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, kí àyà rẹ kan ilẹ̀. Bí o bá jẹ́ obìnrin, o ó kúnlẹ̀. Ilẹ̀kùn á yọ lára ògiri, á sì ṣí. Ó parí. Kò gba owó, kò gba adìẹ.

Alángbá ńkọ́? Há! Ó lọ́rùn, ó láyà, ó sì mọ ara rẹ̀ lágbà. Nígbà náà, orí rẹ̀ rí bí eérú ni, bíi ti ìyàwó rẹ̀.

Lọ́jọ́ kan nígbà ọyẹ́, iná ran igbó. Ó ń jó bọ̀. Gbogbo ẹranko fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ, ó di Ilé Àbò. Alángbá sáré. Àwẹ̀ní ń sáré tẹ̀ lé e, oyún inú rẹ̀ ti tó bí.

Wọ́n bá Ọ̀kùn lórí ògiri.

“Ẹ káàbọ̀, Bàbá. Ẹ káàbọ̀, Ìyá. Ẹ tètè kí ilé, iná ti dé tòsí.”

Àwẹ̀ní ò bèèrè nǹkan kan. Ó kúnlẹ̀. Ilẹ̀kùn ṣí gbagada. Ó wọlé. Ilẹ̀kùn tì.

Ó wá ku Bàbá.

Alángbá gbójú sókè. “Ìwọ ọmọ yìí! Ìwọ ni kí n dọ̀bálẹ̀ fún? Ọjọ́ tí wọ́n sọ ọ́ lórúkọ, èmi ni mo kọ́kọ́ bu ẹ̀wà níbẹ̀!”

“Bàbá, ẹ má bínú. Kì í ṣe èmi. Ilé ni.”

“Ilé yẹn gan-an, ṣé ó dàgbà jù mí ni?”

Ẹ wo ìbéèrè, ẹ̀yin èèyàn mi! Iná ń bọ̀, ó ń bi ògiri léèrè ọjọ́ orí. Ó wá mi orí lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. “Ẹ ǹlẹ́ o.” Ilà tín-ín-rín kan yọ lára ògiri. Ó pa rẹ́.

Àwẹ̀ní ké láti inú ilé. “Baálé mi! Ṣé ẹ ò tíì wọlé ni? Mo ti ń rọbí o!” Ló bá fi orin sí i. Ẹ bá mi gbè é:

Baálé mi, ẹ dọ̀bálẹ̀,
— Jọ̀ọ́, dọ̀bálẹ̀!
Iná dé ẹ̀yìn yín,
— Jọ̀ọ́, dọ̀bálẹ̀!
Ọmọ ń bọ̀, ẹ wá gbà á,
— Jọ̀ọ́, dọ̀bálẹ̀!

Orin náà wọ Alángbá lára. Ó fẹ́ràn ìyàwó rẹ̀, kí n má parọ́ mọ́ ọn. Ó tẹ apá méjèèjì, ó rẹ àyà sílẹ̀ díẹ̀, kò jẹ́ kó kan ilẹ̀. Ilẹ̀kùn ṣí níwọ̀n ìka kan. Ó rí ẹsẹ̀ Àwẹ̀ní. Ilẹ̀kùn tún tì.

“Bàbá, ó ku díẹ̀ kó kan ilẹ̀.”

“Díẹ̀ yẹn gan-an ni mi ò lè ṣe!”

Iná bú sókè. Ooru gba gbogbo ibẹ̀. Ọ̀kùn kí ilé, ó ká ara rẹ̀ kò, ó yí wọlé gbirigbiri. Ẹ̀rù wá ba Alángbá wàyí. Ó wó lulẹ̀ pàà, àyà kan ilẹ̀. Ilẹ̀kùn ṣí gbagada!

Ó yẹ kó wọlé, àbí? Kò wọlé o. Ó kọ́kọ́ gbórí sókè, ó ń wò bóyá ẹnìkan rí i. Ilẹ̀kùn tì. Ó dọ̀bálẹ̀, ilẹ̀kùn ṣí. Ó gbórí sókè, ilẹ̀kùn tì. Ta ló sì ń wò ó? Kò séèyàn níta! Gbogbo wọn ti wọlé tán!

Ibẹ̀ ni iná bá a. Ara tó wà nílẹ̀, iná fò ó kọjá. Orí tó wà lókè, iná gbá a mú. Orí pọ́n fòò.

Nígbà tí iná kọjá, Àwẹ̀ní gbé ọmọ jáde. Ó wo ọkọ rẹ̀ títí.

“Baálé mi, ṣé orí yín nìyí?”

Alángbá wo ọmọ náà. Wọ́n ti bí ọmọ rẹ̀, àjèjì ló gbẹ̀bí, àjèjì ló fún ìyá ọmọ lómi mu. Òun wà lẹ́yìn ògiri. Ó dùn ún wọra.

Ó yíjú pé kóun kí ilé dáadáa. Ilé ti lọ! Ilé Àbò kì í gbé ibi tí ẹnìkan bá ti jóná lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀. Ó ti ká ògiri rẹ̀ bí ẹní, ó bá tirẹ̀ lọ. Títí dòní, kò sẹ́ni tó mọ ògiri tó jẹ́ tirẹ̀ láyé.

Ìdí nìyẹn tí orí akọ alángbá fi pupa, tí ti abo ò pupa. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé ògiri tó bá ti rí, ìbáà ṣe ti ilé ìdáná, ìbáà ṣe ti ṣálángá, á dúró níbẹ̀, á dọ̀bálẹ̀, á gbórí sókè, á tún dọ̀bálẹ̀. Ó ń wá ilẹ̀kùn. Ilẹ̀kùn ò sì tíì ṣí.

Ibẹ̀ ni mo bá àlọ́ dé. Bí mo bá parọ́, kí alángbá má mi orí lọ́la.